Ìpè Kẹta Tí Mi Ò Ní Pè

Olúwa mi, Adájọ́ Yàrá Kejì, tí ẹ jẹ́ alága wa lónìí, ẹ̀yin adájọ́ tó ti fẹ̀yìn tì, tí ẹ fi ẹsẹ̀ tó ń dùn yín gun àtẹ̀gùn wa wá, ẹ̀yin lọ́yà, tàgbà tọ̀dọ́, Ọ̀gá Akọ̀wé, ẹ̀yin ọlọ́pàá kóòtù, ẹ̀yin tí ẹ ń gbálẹ̀, tí ẹ ń tẹ̀wé, tí ẹ ń ru fáìlì, ẹ̀yin ọmọ mi àti ọmọ-ọmọ mi, ìyàwó ilé wa tó jókòó ní ìlà kẹta, tó gbé báàgì sórí àga tó ṣófo lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀: mo kí gbogbo yín tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀. Bí mo bá fo ẹnikẹ́ni, ẹ má pè é ní ìgbéraga, omi ló kún ojú mi. Ẹ̀yin èèyàn mi.

Wọ́n fún mi ní máìkì, ẹ sì rí i pé mo ti rọra gbé e sórí tábìlì. Ẹni tó ní ohùn bíi tèmi, tó tún wá di máìkì mú, àlejò ló fẹ́ lé lọ. Láti ìgbà tí mo ti wọ ilé ẹjọ́ yìí, ọ̀fun mi yìí nìkan ni mo fi ń ṣiṣẹ́. Mi ò mu omi tútù láàárọ̀ rí. Mi ò jẹ ohun tó ń ta lẹ́nu ní ọjọ́ iṣẹ́ rí. Ọkọ mi, kí Ọlọ́run tẹ́ wọn sí afẹ́fẹ́ rere, máa ń sọ pé àwọn ò lè bá mi sọ àṣírí nínú ilé, torí tí mo bá ní "ṣé lóòótọ́ ni?" aládùúgbò á ti dáhùn pé "òótọ́ ni."

Ẹ rẹ́rìn-ín, ó dáa bẹ́ẹ̀. A ṣì máa sunkún.

Fún ẹ̀yin àna mi àti aládùúgbò mi tí ẹ ò dé kóòtù rí, ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí mo fi ń jẹun. Tí ẹjọ́ bá kàn, wọ́n á fún mi ní orúkọ. Màá lọ sẹ́nu ọ̀nà tí ẹ ń wò yìí, màá kọjú sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, màá pe orúkọ náà lẹ́ẹ̀mẹta. Bí ẹni náà bá dáhùn, á wọlé. Bí kò bá dáhùn, màá padà wá sọ fún adájọ́. Tó bá wá jẹ́ pé olùpẹ̀jọ́ ni ò dáhùn, ẹni tó fi ọwọ́ ara ẹ̀ gbé ẹjọ́ wá, adájọ́ lè da ẹjọ́ náà nù lójú ẹsẹ̀. Ẹni tó gbé ẹjọ́ sílẹ̀ tí kò tẹ̀lé e, kóòtù ò lè bá a gbé e. Iṣẹ́ mi ò jù bẹ́ẹ̀ lọ. Orúkọ àwọn ẹlòmíràn ni mo fi tọ́ ọmọ.

Ọ̀gá tó kọ́ mi níṣẹ́, bàbá gíga kan tí kì í rẹ́rìn-ín, sọ fún mi ní ọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́ pé: "Ìpè àkọ́kọ́, pè é bó o ṣe fẹ́. Ìpè kejì, pè é kó dún. Ṣùgbọ́n kó o tó pe ìkẹta, dúró." Mo ní, "Kí n dúró títí di ìgbà wo, sà?" Wọ́n ní, "Títí ojú á fi tì ọ́." Mo rò pé àgbàlagbà fẹ́ fi mí ṣeré ni. Kò pẹ́ sí i, mo pe ọkùnrin kan lẹ́ẹ̀mejì, mi ò gbọ́ nǹkan kan, mo sì dúró gẹ́gẹ́ bí wọ́n ṣe wí. Ni mo bá gbọ́ ẹsẹ̀ gìrìgìrì. Ó ti ilé ìyàgbẹ́ ń sáré bọ̀, ó ń di bẹ́líìtì bọ̀ lójú ọ̀nà. Lórí ilé tó ń gbé ni wọ́n ń ṣe ẹjọ́ yẹn. Ká ní mo kánjú ni, ọwọ́ ẹ̀ á ṣì wà ní bẹ́líìtì nígbà tí ilé máa bọ́. Láti ọjọ́ yẹn ni mo ti ń dúró. Ẹ̀yin lọ́yà, ẹ máa ń wo aago yín, ẹ máa ń pòṣé lábẹ́lẹ̀, ẹ tiẹ̀ fún un lórúkọ, "ìsinmi Màmá Olóhùn." Mo gbọ́ gbogbo ẹ̀. Etí mi náà ò kéré.

Ẹ jẹ́ kí n dúpẹ́ kí n tó gbàgbé. Ọ̀gá Akọ̀wé, ẹ ṣeun. Ẹ̀yin lẹ máa ń rántí bi mí bóyá mo ti jẹun kí ẹ tó bi mí bóyá fáìlì ti dé. Ẹ tún pa nǹkan kan mọ́ sínú fún mi, mo sì ń bọ̀ lórí ẹ̀. Ẹ̀gbọ́n Onísúwẹ́tà, tó ń pe orúkọ ní Yàrá Kejì, tó ń wọ súwẹ́tà nínú ooru, tí otútù sì ń mú u lójoojúmọ́, ẹ ṣeun. Bí ohùn yín bá lọ, èmi ni mo ń pè fún yín. Bí ẹsẹ̀ mi bá wú, ẹ̀yin lẹ ń pè fún mi. A ò kọ ọ́ sílẹ̀ níbì kankan, a ò gba àṣẹ, ohun tí àwa méjèèjì ń ṣe nìyẹn. Ẹ̀yin ọlọ́pàá ẹnu ọ̀nà, ẹ̀yin lẹ wá àpótí tí mo ń jókòó lé láàárín ẹjọ́ kan sí ìkejì. Ọlọ́run á wá àga fún yín níbi tí ẹ ò fọkàn sí.

Ẹ̀yin èèyàn mi, wọ́n ti yìn mí láàárọ̀ yìí títí ojú fi ń tì mí. Wọ́n ní ohùn mi ṣe kóòtù yìí lóore. Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n àwọn àgbà ní ẹyin lohùn, tó bá balẹ̀, fífọ́ ló ń fọ́. Ohùn tó bọ́ ilé mi, òun náà ló tú ilé bàbá mi ká. Ẹ má jẹ́ kí n fẹ̀yìn tì kí n má sọ ọ́.

Mo ní àbúrò ọkùnrin kan. Àwa méjèèjì nìkan ni ìyá mi bí. Bàbá Kékeré ni a ń pè é nílé, torí pé ó jọ bàbá wa bí ìgbà tí wọ́n fi ìwọ̀n gé e. Káfíńtà ni. Nígbà tí ẹsẹ̀ ìyá wa kọ̀ tí wọn ò lè dìde mọ́, ilé ẹ̀ ni wọ́n wà. Ó kan bẹ́ẹ̀dì fún wọn, ó fi igi ká etí ẹ̀ kí wọ́n má baà já bọ́. Òun ló ń gbé wọn lọ balùwẹ̀, òun ló ń gbé wọn bọ̀. Èmi, mò ń wá ní òpin ọ̀sẹ̀ pẹ̀lú èso nínú ọ̀rá, màá jókòó, màá sọ̀rọ̀, màá lọ. Ẹ rí ìyàtọ̀ iṣẹ́ wa.

Lọ́jọ́ kan, mo yí ìyá mi padà kí n lè tún bẹ́ẹ̀dì tẹ́, mo rí ojú egbò ní ìdí wọn. Mi ò bi ẹnikẹ́ni. Ìta ni mo já sí. Mo dúró lójú títì, mo fi ohùn tí ẹ mọ̀ yìí sọ pé kí gbogbo àdúgbò wá wo ohun tí ọmọ ìyá mi fi ìyá mi ṣe. Gbogbo fèrèsé ló ṣí. Àwọn oníbàárà ẹ̀ wà ní ṣọ́ọ̀bù tó wà lápá kejì ọ̀nà, òun náà mú ayùn lọ́wọ́, ó ń wò mí. Ẹ̀yìn ìgbà yẹn ni nọ́ọ̀sì kan wá sọ fún mi pé láti ọsibítù ni egbò yẹn ti bá wọn wálé, àbúrò mi ló sì ń wẹ̀ ẹ́, tó ti fẹ́ jinná. Ọ̀rọ̀ ti jáde nígbà yẹn. Ọ̀rọ̀ tó ti jáde kì í padà sẹ́nu.

Ó ní kí n má tẹ ilé òun mọ́. Ó ra àgádágodo sí géètì.

Kí ló yẹ kí n ṣe? Ó yẹ kí n lọ dọ̀bálẹ̀ bí ọkùnrin, kí n bẹ̀ ẹ́. Ṣùgbọ́n ẹni tó ń gbé inú odò kì í fi itọ́ wẹ ojú, èmi tí mò ń ṣiṣẹ́ ní kóòtù, kóòtù ni mo sáré lọ. Wọ́n gbọ́ ẹjọ́ wa, wọ́n pàṣẹ pé ní gbogbo ọjọ́ Sátidé, kó jẹ́ kí n wọlé rí ìyá mi. Mo di àṣẹ náà mú, mo lọ ní Sátidé àkọ́kọ́, àgádágodo. Mo tún lọ ní èkejì, àgádágodo. Inú bí mi. Mo fi ẹ̀sùn kan án pé ó tàpá sí àṣẹ ilé ẹjọ́, mo tún fi òmíràn lé e. Ẹ̀sùn yẹn kì í ṣe eré, ẹ̀yin èèyàn mi. Ẹ̀wọ̀n wà nínú ẹ̀. Ẹni tó bá fi àṣẹ kóòtù nulẹ̀, tí wọ́n sì rí i dájú, á sùn ní àtìmọ́lé títí á fi gbọ́n. Mo mọ̀ bẹ́ẹ̀ nígbà tí mò ń fi ọwọ́ sí i. Ohun tí mo fẹ́ gan-an nìyẹn.

Sátidé tó ṣáájú ìgbẹ́jọ́, mo tún lọ. Fèrèsé yàrá ìyá mi kọjú sí títì, ó ga ju ògiri lọ, nẹ́ẹ̀tì dúdú wà lójú ẹ̀, mi ò lè rí inú. Mo kígbe láti ìta, "Ìyá mi o." Mi ò retí kí ẹnikẹ́ni dáhùn. Ni mo bá gbọ́ ohùn wọn, ó tín-ín-rín, ó ń wá láti ẹ̀yìn nẹ́ẹ̀tì. Wọ́n ní, "Ṣé ìwọ nìyẹn?" Mo ní èmi ni. Wọ́n ní, "Mo gbọ́ pé ẹ ń lọ kóòtù lọ́jọ́ Tusidé." Mo ní bẹ́ẹ̀ ni, mo ní àbúrò mi á rí ohun tó ń wá. Wọ́n wá ní, "Tí wọ́n bá mú un lọ, ta ló máa gbé mi?"

Ẹ̀yin èèyàn mi, mo wá ìdáhùn títí mo fi délé. Ọmọ mi kan wà lókè òkun, ìkejì ní ìkókó lọ́rùn, ẹ̀yìn tèmi ò sì lè gbé korobá omi. Ta ló máa gbé wọn?

Olúwa mi, ibi tí mo dé yìí, ẹ̀yin náà wà níbẹ̀, ẹ kàn ò mọ̀ ni. Ọ̀sẹ̀ tí ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ dé Yàrá Kejì ni. Ẹ ò tíì mọ ẹnikẹ́ni. Mo gba ààyè lọ́wọ́ Ọ̀gá Akọ̀wé pé lọ́jọ́ yẹn, mo wá bí olùpẹ̀jọ́, mi ò wá bí òṣìṣẹ́. Mo jókòó sórí bẹ́ńṣì ọ̀dẹ̀dẹ̀ yẹn bí gbogbo ayé. Àbúrò mi ti wọlé, ó jókòó ní ìlà iwájú, ó gbé fìlà lé orúnkún. Ẹ̀gbọ́n Onísúwẹ́tà wá jáde láti pe ẹjọ́ àkọ́kọ́, wọ́n la ẹnu, afẹ́fẹ́ lásán ló jáde. Wọ́n fi ọwọ́ di ọ̀fun mú. Wọ́n rí mi, wọ́n bọ́ gáùnù wọn, wọ́n gbé e kọ́ mi lọ́rùn, wọ́n ń sọ wúyẹ́wúyẹ́ pé, "Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ti àárọ̀ yìí nìkan." Gẹ́gẹ́ bí a ṣe máa ń ṣe. Ta ni mo fẹ́ jẹ́ tí màá ní rárá? Mo rò pé ẹjọ́ tèmi ṣì wà nísàlẹ̀ ìwé, màá bọ́ gáùnù padà fún wọn kó tó kàn mí. Lọ́yà ẹjọ́ kìíní ò wá, wọ́n sún un síwájú. Ti ìkejì náà ò wá. Ẹ̀gbọ́n Onísúwẹ́tà bá fi bébà lé mi lọ́wọ́, wọ́n ní ohun tó kàn nìyí.

Orúkọ mi ni.

Wọn ò mọ̀, ẹ má bá wọn wí. Ta ló ń pe Màmá Olóhùn ní orúkọ tí bàbá ẹ̀ sọ ọ́ nínú ilé yìí? Ọ̀gá Akọ̀wé nìkan ló mọ̀ ọ́n, wọ́n sì wà lẹ́yìn ní ibi tí a ń kó fáìlì sí. Gáùnù wà lọ́rùn mi. Ẹsẹ̀ mi ti ń lọ sẹ́nu ọ̀nà kí orí mi tó pinnu. Mo pe orúkọ mi, tòun ti orúkọ bàbá mi. Ọ̀dẹ̀dẹ̀ dákẹ́. Mo pè é lẹ́ẹ̀kejì, mo jẹ́ kó dún. Mo wá dúró.

Nínú ìdúró yẹn, mo yí ojú padà, mo wo àbúrò mi. Ó tẹ orí ba, ó ń wo ọwọ́ ara ẹ̀. Èmi náà wo ọwọ́ náà. Èékánná kan dúdú níbi tí òòlù ti bà á. Mo ní lọ́kàn mi pé, bí mo bá dáhùn, ọwọ́ tó ń gbé ìyá mi ni mò ń ní kí wọ́n dè. Bí mi ò bá dáhùn, mi ò ní rí ìyá mi mọ́ àfi tí òun bá fẹ́. Mo dúró títí ojú fi tì mí, gẹ́gẹ́ bí ọ̀gá mi ṣe kọ́ mi. Lẹ́yìn náà mo pe ìkẹta. Kò sẹ́ni tó dáhùn, torí ẹni tó yẹ kó dáhùn ló ń pè.

Ẹ béèrè pé, "Olùpẹ̀jọ́ dà?" Mo ní, "A ti pè é lẹ́ẹ̀mẹta, Olúwa mi, kò dáhùn." Mo rí i pé ẹ ti bọ́ awò ojú yín, sà. Ẹ jọ̀ọ́, irọ́ kọ́ ni mo pa. Kò dáhùn lóòótọ́. Bí ó bá sì jẹ́ ẹ̀ṣẹ̀, ìwé ìfẹ̀yìntì mi ti jáde, ẹ ò lè lé mi mọ́.

Ẹ wá kọjú sí àbúrò mi, ẹ ní, "Ẹ̀yin olùjẹ́jọ́, ṣé ẹ rí olùpẹ̀jọ́ lónìí?" Ó dìde. Ó wò mí láti ẹsẹ̀ títí dé ojú. Mo rò pé ó máa sọ ọ́. Mo fẹ́ kó sọ ọ́. Ó ní, "Mi ò rí i, sà."

Ẹ ní nígbà tí olùpẹ̀jọ́ ò yọjú láti tẹ̀lé ẹ̀sùn ẹ̀, ẹ da ẹ̀sùn méjèèjì nù. Mo tẹrí ba, mo gba bébà tó kàn, mo pe orúkọ ẹlòmíràn. Wọ́n ní ohùn mi ò yẹ̀ lọ́jọ́ yẹn.

Ọ̀gá Akọ̀wé wá bá mi ní ọ̀sán nídìí àpótí mi. Wọ́n ní, "Màmá, kí lẹ ṣe yìí? Òfin fi àyè sílẹ̀ o. Ẹ lè bẹ̀bẹ̀ kí wọ́n gbé e padà. Ẹ jẹ́ kí n bá yín kọ ọ́." Mo ní kí wọ́n fi sílẹ̀. Wọ́n fi sílẹ̀, wọn ò sì sọ ọ́ fún ẹnikẹ́ni títí di òní. Ọ̀gá, Ọlọ́run á bá yín bo tiyín.

Mo rò pé àbúrò mi máa yẹ́ mi sí, pé lọ́jọ́ Sátidé, géètì á ṣí. Kò ṣí. Àwọn àgbà ní a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́. Mo ti gbọ́ ọ lẹ́nu ẹgbẹẹgbẹ̀rún èèyàn ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ wa, mi ò mọ̀ pé èmi ni wọ́n ń bá wí. Àmọ́ mi ò dákẹ́. Ní gbogbo Sátidé, màá lọ dúró nídìí ògiri, màá pe ìyá mi. Wọn ò lókun láti sọ̀rọ̀ jáde mọ́, ṣùgbọ́n wọ́n ń fi ṣíbí lu irin fèrèsé, kó, kó, kó. Màá ròyìn fún wọn láti ìta. Màá sọ ẹni tó bímọ, màá sọ lọ́yà tó ṣubú lórí àtẹ̀gùn. Tó bá pa wọ́n lẹ́rìn-ín, wọ́n á lu ṣíbí léraléra. Àwọn tó ń kọjá á máa wò mí bíi wèrè. Mi ò rí ojú wọn láàárín ìgbà yẹn lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo.

Sátidé kan wá dé, mo pè wọ́n, mi ò gbọ́ ṣíbí. Mo pè wọ́n lẹ́ẹ̀kejì. Mo dúró. Obìnrin kan tó ń lọ bi mí bóyá wọ́n tì mí mọ́ta ni. Mo dúró gan-an, ẹ̀yin èèyàn mi, mi ò dúró tó bẹ́ẹ̀ fún ẹnikẹ́ni rí. Mo pe ìkẹta. Ẹ̀yin tí a jọ ń ṣiṣẹ́, ẹ mọ ohun tó jẹ́ tí a bá pe èèyàn lẹ́ẹ̀mẹta tí kò dáhùn.

Mo gbọ́ tí àgádágodo ń ṣí. Àbúrò mi dúró sẹ́nu géètì. Ó ní, "Wọ́n ti lọ. Láàárọ̀ yìí." Ó yà sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan kí n lè kọjá. Ọjọ́ yẹn ni mo wọlé. Àga kan wà tó kọjú sí fèrèsé, àga onígi, ó fi rọ́bà sí i lẹ́sẹ̀ kó má baà ha ilẹ̀, ṣíbí sì wà lórí etí fèrèsé. Mo rí i, mi ò bi ara mi ní nǹkan kan. Ẹkún ni mò ń sun. A sin ìyá wa, kálukú gba ọ̀nà tiẹ̀ lọ, a ò sì tíì bá ara wa sọ̀rọ̀ títí di òní.

Níjelòó, mo gbé káàdì ìpè ti òní lọ fún ìyàwó wa tó jókòó yìí, ìyàwó àbúrò mi. Kò mọ nǹkan tó fẹ́ fi ọwọ́ ṣe, ó ń tẹ káàdì náà, ó ń tú u. Ó wá ní, "Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ má bínú, ta lẹ rò pé ó ń gbé ìyá dé ojú fèrèsé?"

Mo ní, "Kí lo wí?"

Ó ní, "Láàárọ̀ Sátidé, bàbá àwọn ọmọ kì í lọ ṣọ́ọ̀bù. Wọ́n á wẹ ìyá, wọ́n á gbé ìyá sórí àga tí wọ́n kàn, wọ́n á fà á dé ojú fèrèsé, wọ́n á fi ṣíbí sí ìyá lọ́wọ́. Wọ́n á wá lọ jókòó sẹ́yìn ilé títí ẹ ó fi lọ. Wọ́n ní àwọn ò lè ṣí géètì, ṣùgbọ́n àwọn ò lè di fèrèsé."

Ẹ̀yin èèyàn mi, ìyá mi ò lè fi ẹsẹ̀ ara wọn rìn. Mo mọ̀ bẹ́ẹ̀. Èmi ni mo sọ ọ́ nínú ìwé ẹ̀sùn mi. Báwo ni mo ṣe wá dúró nídìí ògiri ní gbogbo Sátidé yẹn, tí mò ń gbọ́ ṣíbí, tí mi ò bi ara mi pé ta ló gbé wọn débẹ̀? Mò ń bínú sí ọwọ́ tó ti géètì, ọwọ́ kan náà ló ń gbé ìyá mi wá fún mi. Mo sunkún sí èjìká ìyàwó wa lọ́jọ́ yẹn, ó gbà mí mọ́ra, ó sì ṣèlérí pé òun á mú un wá.

Ó mú un wá. Nígbà tí mò ń wọlé lónìí, ó sọ ọ́ sí mi létí pé, "Ó wà níta, lórí bẹ́ńṣì. Ó ní òun ò wọlé." Ìdí nìyẹn tí àga kan fi ṣófo, tí báàgì fi jókòó sípò èèyàn.

Nítorí náà, ẹ jẹ́ kí n ṣàdúrà, kí n ṣe iṣẹ́ mi tó kẹ́yìn, kí ẹ lè lọ jẹun. Ẹ̀yin tí mò ń fi sílẹ̀, ohùn yín ò ní gbẹ. Ẹni tí ẹ bá pè á dá yín lóhùn. Wọn ò ní fi yín pe ẹni tí yóò sọ yín di ẹlẹ́kún. Ẹni tí ẹ bá bá jà, ẹ ò ní pẹ́ kí ẹ tó mọ inú ẹ̀. Ọmọ ìyá ò ní di olùpẹ̀jọ́ àti olùjẹ́jọ́ nílé yín. Arábìnrin tó máa gba gáùnù lọ́wọ́ mi, ọmọ mi, máa mu omi lílọ́ wọ́ọ́rọ́. Jẹ́ kí wọ́n máa pòṣé. Máa dúró.

Ìyàwó wa, jọ̀ọ́, bá mi gbé báàgì yẹn kúrò lórí àga.

Ẹ ya ọ̀nà fún mi díẹ̀. Mo ti dé ẹnu ọ̀nà.

Bàbá Kékeré o, ọmọ ìyá mi.

Bàbá Kékeré o, ọmọ ìyá mi, wọlé.

Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ má yọjú síta, ẹ má jẹ́ kí ojú tì í. Mo rí ẹ̀yìn orí ẹ̀ láti ibí. Ó ti gbọ́. Ó gbé ọwọ́ méjèèjì lé orúnkún, kò tíì dìde. Mo ti pè é lẹ́ẹ̀mejì, ìkẹta ló kù, mi ò sì ní pè é. Mi ò ní pè é lónìí, mi ò ní pè é lọ́la. Ẹni tí wọn ò bá tíì pè lẹ́ẹ̀kẹta, kò sí adájọ́ tó lè ní kò dáhùn.

Olúwa mi, mo ti gbé ohun gbogbo sílẹ̀ nínú ilé yìí, mi ò béèrè ẹ̀bùn. Nǹkan kan ṣoṣo ni mo ń bẹ̀bẹ̀ fún. Ẹ má da ti àwa méjèèjì nù. Ẹ bá mi sún un síwájú sí Sátidé, tí kò bá wá, kí ẹ tún sún un sí Sátidé tó bá tẹ̀lé e. Nílé mi ni. Mi ò ní àgádágodo ní géètì. Ṣíbí yẹn wà lọ́wọ́ mi, ìyàwó wa ló fún mi, màá jókòó lójú fèrèsé, màá máa retí ohùn ẹ̀ láti ìta.

Ẹ ṣé o. Ẹ ṣé tí ẹ bá mi dúró.